Ojú tí wọ́n fi lésà ṣe: ṣé kí n fọ̀ ọ́ ni, àbí kí n fi í sílẹ̀?

"Ọjọ́ kẹfà rèé tí mo ṣe iṣẹ́ abẹ lésà sí ojú méjèèjì ní Èkó, èyí tí wọ́n ń pè ní LASIK. Mo ti bọ́ lọ́wọ́ awò ojú tí mo ti ń lò láti ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀, mo sì ń ríran kedere. Ṣùgbọ́n ojú ń yún mi, ó ń ṣe mí bí ẹni pé iyanrìn wà nínú rẹ̀, ipin sì máa ń lẹ ìpéǹpéjú mi pọ̀ láàárọ̀. Ní ilé ìwòsàn, wọ́n ní n kò gbọdọ̀ fọ ojú fún ọ̀sẹ̀ kan. Ìyá ọkọ mi tó wá tọ́jú mi ní ìdọ̀tí ló ń yún mi, kí n fi omi lílọ́wọ́ọ́wọ́ tí a po iyọ̀ sí fọ̀ ọ́. Ọ̀rẹ́ mi kan ní kẹ́míìsì ní oògùn tí yóò mú un lọ kíá. Mùsùlùmí ni mí, mi ò tíì lè ṣe àlùwàlá bó ṣe yẹ. Mo sì ní ọmọ oṣù 11. Ẹ jọ̀ọ́, kí ni kí n ṣe?" Olùkọ́ kan ló kọ ọ́ láti Ìbàdàn.

Ẹ kú ewu iṣẹ́ abẹ, arábìnrin mi. Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ fún yín ní èyí tí ẹ nílò lálẹ́ òní, kí n tó ṣàlàyé ìdí rẹ̀. Ẹ má ṣe bu omi iyọ̀ sójú, ì báà lọ́wọ́ọ́wọ́, ì báà tutù. Ẹ má ṣe ra oògùn ojú kankan ní kẹ́míìsì. Ẹ má ṣe fi ọwọ́ ra ojú, bó ti wù kó yún yín tó. Ó ti lé ní 20 ọdún tí mo ti ń ṣe nọ́ọ̀sì ojú, ìyún àti iyanrìn tí ẹ ń sọ yìí kì í sábà jẹ́ ìdọ̀tí; ojú tó gbẹ ni. Ní ti ipin, àwọ̀ rẹ̀ ni n óò bi yín. Bó bá funfun, tó gbẹ, tó kéré, tí kò sì padà wá lẹ́yìn tí ẹ bá nù ún láàárọ̀, a jẹ́ pé oògùn tí ẹ kán sójú ló gbẹ síbẹ̀. Bó bá ní àwọ̀ ìyeyè tàbí àwọ̀ ewé, tó ń fà bí ọyún, tó sì ń jáde títí di ọ̀sán, ẹ má wulẹ̀ ka ọ̀rọ̀ mi parí, ẹ pe dókítà yín. Mi ò rí ojú yín, a kò sì lè fi lẹ́tà yẹ ojú wò. Níbi tí ọ̀rọ̀ mi bá ti yàtọ̀ sí ti dókítà tó ṣe é fún yín, tirẹ̀ ni kí ẹ tẹ̀ lé.

Èdè wa fúnra rẹ̀ wà lára ohun tó ń da ọ̀rọ̀ yìí rú. "Ojú" kan náà ni a fi ń pe gbogbo ọ̀gangan láti iwájú orí dé àgbọ̀n, òun náà la sì fi ń pe ẹyinjú. Bí nọ́ọ̀sì bá sọ pé "ẹ ò gbọdọ̀ fọ ojú", ẹnìkan á gbọ́ ọ pé kí òun má bọ́jú rárá, á wá gbé òógùn àti eruku ọ̀sẹ̀ kan kiri. Ẹlòmíràn á gbọ́ ọ pé ẹyinjú nìkan ni wọ́n ń sọ, á dijú, á bọ́ sábẹ́ ẹ̀rọ omi, omi ọṣẹ á sì ṣàn gba ibẹ̀ wọlé. Mo ti rí àwọn méjèèjì. Ohun tí a ní lọ́kàn ni pé kí omi má wọ inú ẹyinjú. Iwájú orí, ẹ̀rẹ̀kẹ́, imú àti àgbọ̀n ṣeé fi aṣọ mímọ́ nù, tí a fi omi rẹ, tí a sì fún dáadáa, láti ọjọ́ kejì pàápàá. Ara ṣeé wẹ̀ láti ọrùn wálẹ̀. Ẹyinjú ni a kì í fọ̀, kò sì nílò kí ẹnikẹ́ni fọ̀ ọ́, torí omijé tí Ọlọ́run dá síbẹ̀ ń fọ̀ ọ́ ní gbogbo ìgbà tí ẹ bá ṣẹ́jú. Omijé ní èròjà tó ń pa kòkòrò àìfojúrí. Omi ẹ̀rọ kò ní in.

Ẹ wo ohun tí wọ́n ṣe sí yín. Awọ kan wà níwájú ẹyinjú tó mọ́ gaara bíi gíláàsì ojú aago, kọ́níà ni àwọn dókítà ń pè é. Gbogbo nínípọn rẹ̀ láàárín kò ju nǹkan bí ìdajì mìlímítà lọ. Nínú LASIK, wọ́n á gé abala fẹ́lẹ́ kan lójú rẹ̀, tó nípọn tó nǹkan bí ìdá kan nínú mẹ́wàá mìlímítà. Wọn kì í gé e já. Wọ́n á fi ẹ̀gbẹ́ kan sílẹ̀, wọ́n á wá ṣí i bí ẹni ṣí ojú ewé ìwé. Ìtànṣán lésà á bọ́ sórí ohun tó wà lábẹ́ rẹ̀, á tún un gé kí ìmọ́lẹ̀ lè máa bọ́ síbi tó yẹ lẹ́yìn ojú. Lẹ́yìn náà wọ́n á dá ìdérí yẹn padà. Wọn kì í rán an. Ohun tó dì í mú ní wákàtí àkọ́kọ́ ni àwọn sẹ́ẹ̀lì tó wà lẹ́yìn kọ́níà, tí wọ́n ń fa omi kúrò nínú rẹ̀ kí ìdérí lè lẹ̀ mọ́lẹ̀. Láàárín nǹkan bí ọjọ́ kan, awọ òkè á hù bo etí rẹ̀. Ìdí nìyí tí ẹ fi ríran kedere lọ́jọ́ kejì, tí ọkàn yín sì sọ pé ó ti san. Ìríran ló dé ṣáájú, ìjiná ṣì ń bọ̀ lẹ́yìn. Ìdérí yẹn á máa lágbára sí i fún ọ̀sẹ̀ àti oṣù, síbẹ̀ kò ní padà lágbára bí awọ tí a kò gé rí. Àwọn kan wà tí ìdérí tiwọn yẹ̀ lẹ́yìn ọ̀pọ̀ ọdún, torí pé nǹkan gbá wọn lójú. Ká má tíì wá sọ ti ọjọ́ kẹfà: bí ìka bá ra á gidi, ó lè ká kò bí aṣọ ibùsùn.

Mo rántí bàbá ọlọ́mọ kan tó padà wá bá wa lọ́jọ́ kẹta. Ó gbé ọmọ rẹ̀ sáyà, ọmọ náà sì na ọwọ́ láti já awò ojú bàbá rẹ̀ gbà, bó ti máa ń ṣe. Awò ojú kò sí níbẹ̀ mọ́. Èékánná bá ẹyinjú. Lójú ẹsẹ̀ ni ojú ọ̀tún ṣe bàìbàì, omi ń dà, kò sì lè là á. Nígbà tí a fi ẹ̀rọ wò ó, etí ìdérí ti ká bí etí ìwé ọmọ ilé ẹ̀kọ́. Dókítà nà án padà, ó fi lẹ́ńsì, ike fẹ́lẹ́ rírọ̀ tí a ń lẹ̀ mọ́ ẹyinjú, bò ó, ojú sì bọ̀ sípò, nítorí pé kò fi àkókò ṣòfò. Ká ní ó fi í sílẹ̀ di ọ̀tunla ni, ó ṣeé ṣe kí ibi tó ká yẹn ti di àpá. Ẹ̀yin náà ní ọmọ oṣù 11 nílé, òun ló jẹ́ kí n sọ ìtàn yìí.

Kí ló wá ń yún yín? Inú kọ́níà kún fún àwọn iṣan tíntìntín tó ń gbé ìròyìn lọ sọ́dọ̀ ọpọlọ pé ojú ti ń gbẹ, pé kó rọ omijé. Nígbà tí wọ́n gé ìdérí, wọ́n gé ọ̀pọ̀ nínú wọn. Ọpọlọ kò gbọ́ ìròyìn tó, omijé kò jáde tó, ènìyàn kì í sì í ṣẹ́jú bó ti yẹ. Àwọn iṣan yìí á tún hù, ṣùgbọ́n wọn kì í yára: oṣù 3 sí 6 fún ọ̀pọ̀ ènìyàn, àwọn díẹ̀ sì máa ń tó ọdún kan. Ìtọ́jú rẹ̀ ni omijé àtọwọ́dá, pàápàá èyí tó wà nínú àwọn ike kéékèèké tí a ń já lórí, tí a sì ń jù nù lọ́jọ́ náà, torí pé kò ní èròjà tí wọ́n fi ń tọ́jú oògùn kó má bàjẹ́, èyí tó máa ń pa ojú lára bí a bá ń kán an lemọ́lemọ́. Bó bá jẹ́ wákàtí kọ̀ọ̀kan ni wọ́n kọ fún yín, ẹ má dín in kù torí pé ó wọ́n tàbí torí pé ẹ ń ríran. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ló máa ń dúró dìgbà tí ojú bá ta wọ́n kí wọ́n tó kán an. Bó bá ti ń ta, ó ti gbẹ jù náà nìyẹn. Ẹ máa rántí ṣẹ́jú bí ẹ bá ń máàkì ìwé tàbí tẹjú mọ́ fóònù. Bí ìyún bá le, ẹ gbé ike omijé náà sínú fíríìjì. Bó bá tutù, ó máa ń tu ojú lára ju kí ẹ fọwọ́ kàn án lọ.

Ìyá ọkọ yín fẹ́ràn yín ni, ẹ má bá wọn jà. Omi tí àwa náà fi ń ṣan ojú ní ilé ìwòsàn, iyọ̀ wà nínú rẹ̀. Ṣùgbọ́n wọ́n wọn iyọ̀ yẹn, gíráàmù 9 nínú lítà kan, kó lè bá ti ara ènìyàn dọ́gba, wọ́n sì ti pa gbogbo ohun alààyè inú omi rẹ̀ kí wọ́n tó dí ìgò. Iyọ̀ tí a fi ọwọ́ bù, ta ló mọ iye rẹ̀? Bó bá pọ̀ jù, ṣe ló ń fa omi jáde lára awọ ojú. Omi náà ńkọ́? Omi kànga, omi bọ́ọ̀hòlù, omi inú ọ̀rá tí à ń mu, ó lè dára fún ikùn kó má dára fún ojú tí wọ́n gé, torí ásíìdì wà nínú ikùn tó ń pa kòkòrò, kò sí irú rẹ̀ lábẹ́ ìdérí ojú. Kòkòrò kan tó ń jẹ́ Acanthamoeba ń gbé nínú omi ẹ̀rọ, bí omi náà tilẹ̀ mọ́ gaara. Bó bá ráyè wọ kọ́níà, ọ̀pọ̀ oṣù la fi ń bá a jà, ìrora rẹ̀ kì í sì í jẹ́ kí ènìyàn sùn. Òmíràn tó ń jẹ́ Pseudomonas lè ba kọ́níà jẹ́ láàárín ọjọ́ díẹ̀. Ẹ ní kí ẹnìkan ṣí ìdérí táńkì orí òpó nílé yín, kó fi ìka kan ògiri inú rẹ̀. Ohun tútù tó ń yọ̀ yẹn ni irú wọn ń bá gbé. Ohun tí mo sọ nípa omi iyọ̀ yìí náà ni mo sọ nípa wàrà ọmú, ìtọ̀ àti omi ewé. Ẹni tó bá ní omi àdúrà, kó fi kan iwájú orí, kó má kán an sójú.

Bí ẹ ṣe máa nu ipin yẹn rèé. Ẹ se omi kó hó, ẹ bò ó kó tutù fúnra rẹ̀. Ẹ fi ọṣẹ fọ ọwọ́ dé ọrùn ọwọ́, ẹ ṣàn án kó dá ṣáká, torí ọṣẹ orí ìka náà ń ta ojú. Ẹ mú gọ́ọ̀sì tí wọ́n dì sínú bébà. Òwú lásán máa ń fi fọ́nrán sílẹ̀ lára irun ìpéǹpéjú. Ẹ tì í bọ omi yẹn, ẹ fún un títí kò fi ní kán mọ́. Ẹ dijú bí ẹni tó ń sùn, ẹ má fún un pọ̀. Ẹ gbé gọ́ọ̀sì lé irun ìpéǹpéjú fún bí ìṣẹ́jú kan kí ipin rọ̀, kí ẹ wá nù ún lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo láti ìhà imú lọ sí ìhà etí, bí ẹni ń nu ẹnu ọmọ tí kò fẹ́ jí. Ẹ jù ú nù. Òmíràn ni kí ẹ fi nu ojú kejì. Lẹ́yìn èyí ni kí ẹ kán oògùn. Ẹ gbọn ike tí wọ́n bá kọ "gbọ̀n ọ́n" sí lára, torí ẹfun oògùn máa ń sùn sísàlẹ̀. Ẹ gbé orí sẹ́yìn, ẹ fi ìka fa awọ ẹ̀rẹ̀kẹ́ wálẹ̀ díẹ̀, ẹ kán ẹyọ kan sínú àpò pupa tó ṣí sílẹ̀ yẹn. Kò lè gba méjì, èkejì á ṣàn sẹ́rẹ̀kẹ́ ni. Ẹnu ike kò gbọdọ̀ kan irun ojú. Ẹ dijú pẹ̀lẹ́, kí ẹ sì dúró fún ìṣẹ́jú 5 kí ẹ tó kán oògùn mìíràn, kó má baà ṣan ti àkọ́kọ́ dànù.

Ti kẹ́míìsì ló ń bà mí lẹ́rù jù. Ọ̀pọ̀ oògùn tí wọ́n ń tà fún ojú pípọ́n àti ojú yíyún ní sítẹ́róìdì nínú, oògùn líle tó ń mú wíwú àti pípọ́n rọlẹ̀. Sítẹ́róìdì wúlò lọ́wọ́ ẹni tó mọ̀ ọ́n lò, ó sì ṣeé ṣe kó wà nínú èyí tí wọ́n fún yín. Kíá ló máa ń mú ìyún lọ, ìdí sì nìyẹn tí ènìyàn fi ń padà lọ rà á. Bó bá pẹ́ lójú, ó lè gbé ìfúnpá inú ojú sókè, kó máa pa iṣan ìríran láìsí ìrora. Gulakómà nìyẹn, àìsàn tó wọ́pọ̀ láàárín àwa aláwọ̀ dúdú ju àwọn aláwọ̀ funfun lọ. Obìnrin kan wá sọ́dọ̀ wa, wọ́n ti ṣe ojú rẹ̀ níbòmíràn, ó sì ti fi bí ọdún kan ra ike kan náà lóṣooṣù nítorí pé ó ń tu ojú lára. Ó ka lẹ́tà ara ògiri dé ìlà ìsàlẹ̀. Ṣùgbọ́n nígbà tí mo na ọwọ́ sí ẹ̀gbẹ́ etí rẹ̀, tí mo ń mi ìka, kò rí i. Èyí tó ti lọ yẹn kò padà. Ẹ lo ohun tí wọ́n kọ fún yín, iye ọjọ́ tí wọ́n kọ, ẹ má fi kún un, ẹ má dá a dúró ṣáájú.

Ọ̀rọ̀ àlùwàlá: èmi kì í ṣe Àáfà, àwọn ni kí ẹ bi ní ti òfin ẹ̀sìn. Ohun tí mo mọ̀ ni pé Kùránì fúnra rẹ̀, nínú Súrà karùn-ún, ẹsẹ̀ kẹfà, dárúkọ aláìsàn mọ́ àwọn tó lè fi erùpẹ̀ mímọ́ ṣe tayamọ́mù. Ibi tí èmi ní ọ̀rọ̀ sí ni eruku. Bí ẹ bá ṣe é, ẹ fẹ́ àtẹ́lẹwọ́ kí eruku dà nù, ẹ dijú, kí ọwọ́ má sì tẹ ìpéǹpéjú. Ìforíkanlẹ̀ kò ba LASIK jẹ́, bí ẹní bá ti mọ́. Nígbà tí wọ́n bá yọ̀ǹda omi fún yín, ẹ bu díẹ̀ sí àtẹ́lẹwọ́, ẹ dijú, ẹ fi pa ojú wálẹ̀ pẹ̀lẹ́, ẹ má ju omi sójú. Àwọn dókítà kò fẹnu kò lórí iye ọjọ́. Mo ti bá ẹni tó ní ọjọ́ díẹ̀ ti tó ṣiṣẹ́, mo sì ti bá ẹni tó ní ọ̀sẹ̀ méjì ṣiṣẹ́. Níbi tí omi bá ti ń wá láti inú táńkì, èyí tó pẹ́ jù ni èmi fara mọ́.

Ẹ máa lẹ àbò onírọ́bà tí wọ́n fi ń bo ojú mọ́jú lálẹ́ fún ọ̀sẹ̀ àkọ́kọ́ ó kéré tán, torí ènìyàn kì í mọ̀ bó bá ń ra ojú lójú oorun. Lọ́sàn-án, ẹ wọ awò dúdú tó bo ẹ̀gbẹ́ ojú, ẹ yẹra fún ọ̀kadà. Ẹ jẹ́ kí ẹlòmíràn dín ata, kó gé àlùbọ́sà, kó dáná igi. Bí ẹ bá padà sí kíláàsì, ẹ jẹ́ kí akẹ́kọ̀ọ́ kan nu pátákó, kí ẹ̀yin jìnnà síbẹ̀. Ẹfun pátákó lójú tó gbẹ kì í ṣe ohun kékeré. Kí irun fífọ̀ ní sàlúùnù dúró fún ọ̀sẹ̀ méjì, kí wíwẹ̀ nínú odò tàbí adágún tó oṣù kan. Ní ti tìróò, ọ̀pá kan náà ló ń ti ojú dé ojú nínú ilé, òjé sì wà nínú ọ̀pọ̀ rẹ̀. Èmi ì bá ní kí ẹ sọ ọ́ nù pátápátá. Bí ọyẹ́ bá dé, ẹ fi kún omijé àtọwọ́dá, torí afẹ́fẹ́ rẹ̀ ń fa omi ojú gbẹ.

Àwọn mìíràn á ka èyí tí lésà tiwọn yàtọ̀. Nínú PRK, kò sí ìdérí. Wọ́n á bó awọ òkè, wọ́n á sì fi lẹ́ńsì bò ó fún bí ọjọ́ 4 sí 7. Ó máa ń dun ni gidi ní ọjọ́ mẹ́ta àkọ́kọ́, ènìyàn kò gbọdọ̀ fọwọ́ ara rẹ̀ yọ lẹ́ńsì náà, ó sì yẹ kó fi awò dúdú dáàbò bo ojú lọ́wọ́ oòrùn fún ọ̀pọ̀ oṣù kí kọ́níà má baà ṣú. Lésà tí wọ́n ń ṣe fún gulakómà tàbí fún ìtọ̀ ṣúgà kì í gé ojú lóde, ènìyàn sì sábà máa ń lè bọ́jú lọ́jọ́ náà. Àwọn àgbà wa kan tún wà tí wọ́n ń sọ pé lésà ni, tó sì jẹ́ pé kátárátì, ìyẹn lẹ́ńsì inú ojú tó ti ṣú, ni wọ́n yọ fún wọn. Òfin ti ìyẹn yàtọ̀.

Bí ìrora bá ń pọ̀ sí i dípò kó dín, bí ojú tó ti ń ríran bá ṣú padà, bó bá ń pọ́n sí i, bí ìmọ́lẹ̀ bá ń gún un lójijì, tàbí bí nǹkan bá gbá a, ọjọ́ yẹn gan-an ni kí ẹ lọ, kì í ṣe ọ̀la. Bó bá jẹ́ eruku lásán ló wọ̀ ọ́, ẹ ṣẹ́jú, ẹ kán omijé àtọwọ́dá lé e lórí dáadáa. Nǹkan kan péré ló mú omi ẹ̀rọ di dandan: bí ásíìdì bátìrì, ẹfun tí wọ́n fi ń kun ilé tàbí oògùn tí a fi ń fọ ilé ìyàgbẹ́ bá ta sójú, ẹ bu omi sí i lọ́pọ̀lọpọ̀ lójú ẹsẹ̀, àní bó ṣe àná ni wọ́n ṣe ojú náà, kí ẹ sì máa bu ú títí ọkọ̀ yóò fi dé.

Ìbẹ̀wò ọ̀sẹ̀ kan yín ti kù sí dẹ̀dẹ̀. Ẹ kó gbogbo ike oògùn dání. Ẹ béèrè bóyá etí ìdérí ti dì, iye tí ìfúnpá ojú jẹ́, àti ọjọ́ tí ẹ lè bọ́jú. Títí di ìgbà náà, ẹ bá mi bẹ ìyá ọkọ yín pé kí wọ́n gbé abọ́ iyọ̀ sọ́wọ́ kan, kí wọ́n wá gba ọmọ sọ́dọ̀ lóru, nítorí ìka kékeré yẹn.